Ẹ̀rín Mẹ́ta Lọ́dún Àkọ́kọ́

Ẹ̀rín mẹ́ta péré ni mo tà lọ́dún àkọ́kọ́.
Oníbúrẹ́dì kan ní Wàńdò ló ra ọ̀kan,
eré ìṣẹ́jú kan tó fẹ́ fi polówó ọjà;
búrẹ́dì ló fi san án, ọ̀sẹ̀ méjì gbáko,
títí àwọn ọmọ ilé fi ń kí mi ní Mọ̀síọ̀ Búrẹ́dì.
Ẹni tó ra ìkejì kò tíì sanwó dòní.
Ìkẹta dé orí tẹlifíṣọ̀n.
Láléyẹ ni mí; Lálé ni wọ́n kọ sí ìparí eré.
Ìyá mi pè mí láti Kétu:
"'Yẹ' tó kù ńkọ́? Ṣé wọ́n ti jẹ ẹ́ ni?"

Aránṣọ ni ìyá mi, lẹ́yìn Àkàbà Ìdẹnà.
Kò rẹ́rìn-ín eré mi kan rí.
Á jókòó, á fi òwú bọ ojú abẹ́rẹ́, á ní:
"Ọkùnrin yẹn, ta ló rán ṣòkòtò ẹ̀?
Ẹsẹ̀ kan gùn ju èkejì."

Sábúrì ló wọ ṣòkòtò náà.
Ààrẹ Ilé-Ìdáná ni gbogbo Àjàṣẹ́ ń pè é.
Orúkọ yẹn, èmi ni mo sọ ọ́, lóru kan tí iná lọ,
tí àtùpà ń jó mi nírun ojú.
Bó bá ń kọjá, àwọn ọmọdé á tẹ̀lé e,
onípayó á bu epo ìgò kan sí ọ̀kadà rẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́.
Èmi nìyẹn lẹ́yìn, tí mo gbé báàgì rẹ̀ dání.
N kò jowú. Irọ́ ni. Mo jowú fún ọdún mẹ́rin,
lẹ́yìn náà ó rẹ̀ mí.

Kí ni mo rí kọ́ nínú iṣẹ́ yìí?
Ọbẹ̀ tó dùn, owó ló pa á;
eré tó dùn, píparẹ́ ni.
Ojú ewé mẹ́wàá, kí méjì ó ṣẹ́kù.
Pé ẹ̀rín kì í gbé inú ọ̀rọ̀,
ẹ̀yìn ọ̀rọ̀ ló ń sá sí,
níbi tí òṣèré ti mí, tí kò tíì sọ èyí tó kàn.
Pé ọ̀gá tó bá ní "kọ ohun tó bá wù ọ́"
kò tíì ka ohun tó wù ọ́.

Ọdún kẹsàn-án, ọyẹ́ ń fẹ́, ìyá mi dùbúlẹ̀.
Mo wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹní rẹ̀ ní Kétu,
ọ̀gá ń pè: ojú ewé kejìlá dà?
Nọ́ọ̀sì fún un lábẹ́rẹ́ tán, ó nawọ́ fún owó.
Ìyá mi wò ó títí.
"Ogójì ọdún ni mo fi ń fabẹ́rẹ́ gún aṣọ," ó ní.
"Kò sí èyí tí mo gún tán, tí mo tún ní kó sanwó."
Ọwọ́ mi ti wọ àpò kí n tó mọ̀.
Ẹ̀yìn ìwé oògùn ni mo kọ ọ́ sí.
Ó rí mi. Ojú tì mí bí ẹni tó jalè nílé ara rẹ̀.
"Kọ ọ́ dáadáa," ó ní,
"má jẹ́ kí wọ́n gé ìdí rẹ̀ bíi ti orúkọ rẹ."

Ó di ojú ewé kejìlá.
Lálẹ́ tí Sábúrì sọ ọ́, mo gbọ́ ẹ̀rín láti ilé dé ilé
bí òjò tó ń rìn bọ̀ lórí páànù.
A ti sin ín ní ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ṣáájú.

Lánàá, sẹ́mìjáàn kan gbé mi lọ sí etí ọ̀sà.
Ó ní òun fẹ́ sọ ohun kan tí yóò pa mí lẹ́rìn-ín,
ohun tí ìyá òun àgbà máa ń sọ.
Abẹ́rẹ́ ti di ìṣó, aṣọ ti di táyà,
ogójì ọdún ti di ogún.
Ó sáré sọ ọ́ tán, ó bojú wẹ̀yìn:
"Baba, kò pa yín lẹ́rìn-ín ni?"
Mo ní, "Ìyá rẹ àgbà gbọ́n.
Ṣùgbọ́n dúró díẹ̀ kó o tó kan owó."
Ó tún un sọ. Ó dúró.
Ó dúró pẹ́, a kọjá báńkì, a kọjá ṣọ́ọ̀ṣì,
kó tó wá sọ owó,
ẹ̀rín sì gba ọwọ́ ọ̀kadà lọ́wọ́ rẹ̀,
a fẹ́rẹ̀ẹ́ bá ara wa nínú ọ̀sà.